Àlùwàlá Ẹ̀gbọ́n Mi ní Ilẹ̀ Jàpáàn

Ẹ̀gbọ́n mi kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Gbogbo ohun tó mọ̀ nípa ilẹ̀ Jàpáàn, láti ẹnu mi ló ti gbọ́ ọ, mo sì fẹ́ kí ẹni tó ń ka ìtàn yìí fi ìyẹn sọ́kàn kí n tó sọ ohun tí mo ṣe fún un níbẹ̀. Èmi ni etí rẹ̀, èmi ni ahọ́n rẹ̀. Ó fi méjèèjì lé mi lọ́wọ́ pẹ̀lú ìfọ̀kànbalẹ̀, nítorí kò tilẹ̀ mọ̀ pé òun ṣẹ̀ mí. Ohun tó ń bí mi nínú jù nìyẹn.

Bàbá kan náà ló bí wa ní Òmù-Àrán, ṣùgbọ́n ìyá wa yàtọ̀. Ìyá tirẹ̀ ni ìyáálé. Ìyá tèmi wá láti Èsìẹ́, níbi tí àwọn ère òkúta wà, àwọn ère tí ẹnikẹ́ni kò lè sọ ẹni tó gbẹ́ wọn, tí wọ́n kàn jókòó jọ bí ará ilé tó ń dúró de oúnjẹ. Nígbà tí ìyá mi wọlé bàbá mi, ó gba ẹ̀sìn Ìsìláàmù, ó ń kírun, ó ń gbààwẹ̀, ṣùgbọ́n ọmọ kò dé. Ìgbà tí ojú ń kán òun àti àwọn ènìyàn rẹ̀, wọ́n mú un lọ sí ọ̀dọ̀ àwọn ère nígbà ọdún wọn, ó kúnlẹ̀ níbẹ̀, kò sì pẹ́ tó fi lóyún mi. Láti ìgbà náà, lọ́dọọdún ló máa ń bá àwọn ará ilé rẹ̀ lọ dúpẹ́. Ó máa ń mú mi dání. A máa ń débẹ̀ ní ìdájí, oòrùn á máa yọ bọ̀ láti ẹ̀yìn igbó àwọn ère náà, ìyá mi á kúnlẹ̀, á di ọwọ́ mi mú. Mo gbọ́ ohun tó máa ń sọ lábẹ́ ẹnu. "Alihamudulilahi" ni. Kò sọ nǹkan mìíràn. Bàbá mi mọ̀ pé ó ń lọ, kò sì fìgbà kan bá a wí.

Nígbà tí bàbá wa kú, ẹ̀gbọ́n mi di olórí ilé. Ó ti lọ sí Mẹ́kà nígbà náà, ó ti ń tajà ní Èkó, ọ̀rọ̀ rẹ̀ sì ti ń ju ọ̀rọ̀ àwọn àgbà lọ. Ìyá mi kú nígbà tí èmi wà lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba ní Ìlọrin. Kí ìròyìn tó kàn mí, kí n tó rí mọ́tò gba Àjàṣẹ́-Ìpo wọlé, wọ́n ti parí ohun gbogbo. Àwọn àfáà ti wẹ òkú rẹ̀, wọ́n ti dì í, wọ́n ti tò lẹ́sẹẹsẹ, ẹ̀gbọ́n mi wá bọ́ sí iwájú wọn ó ní wọn kò gbọdọ̀ kírun sí i lára. Ó ní abọ̀rìṣà ni. Ó ní gbogbo ìlú ló mọ ibi tó ń lọ lọ́dọọdún. Àwọn àfáà wo ojú ara wọn, wọ́n sì tú ká. Àwọn ará Èsìẹ́ wá fi ọkọ̀ akẹ́rù gbé ọmọ wọn, wọ́n sin ín sí ẹ̀yìnkùlé bàbá rẹ̀ lábẹ́ igi ìyeyè, láìsí lèmọ́mù, láìsí àdúrà kankan. Ilẹ̀ tútù ni mo bá.

Nígbà tí mo padà sí Òmù-Àrán lọ́jọ́ náà, ẹ̀gbọ́n mi fi ọwọ́ gbá mi léjìká. Ó ní, "Àbúrò, má fi ṣe ọkàn o. Ọ̀rọ̀ ẹ̀sìn kò ní ojú àánú." Mo ní, "Ó dáa, Alájì." Mo gbé e mì. Láti ọjọ́ náà ni mo ti ń wá ọ̀nà láti san án fún un, mi ò sì fi pa mọ́ fún ara mi rárá pé ohun tí mo ń wá nìyẹn.

Kò pẹ́ náà ni owó epo dé. Ẹni tó bá dàgbà lásìkò yẹn yóò rántí. Àwọn ènìyàn ń lọ sí Lọ́ńdọ̀nù lọ ra bàtà, sìmẹ́ńtì ń tò nínú ọkọ̀ ojú omi ní Èkó, ẹni tó ń gun kẹ̀kẹ́ lánàá ń wa Pijó lónìí. Páàtì mọ́tò ni ẹ̀gbọ́n mi ń tà, ó sì sú u láti máa rà á lọ́wọ́ àwọn tó ń kó o wọlé. Ó ní òun fúnra òun yóò lọ sí Jàpáàn. Àmọ́ ta ni yóò bá a sọ̀rọ̀ níbẹ̀? Kò fẹ́ kí ará ìta mọ àṣírí ọjà rẹ̀. Ó ránṣẹ́ pè mí láti Ìlọrin, ó ní ọmọ ìyá òun ni mí. Ọmọ ìyá! Mo tọrọ ààyè níbi iṣẹ́, mo sì tẹ̀ lé e.

Nígbà tí a parí ọ̀rọ̀ ọjà, àwọn tó ń tajà fún wa fi ọjọ́ kan ṣe wá lálejò. Wọ́n fún wa ní ọkọ̀ kan àti amọ̀nà kan, àwa méjì péré, kí wọ́n mú wa lọ wo àwọn ojúbọ wọn àtijọ́ àti àwọn òkè. Obìnrin ni amọ̀nà náà, ó ti lé díẹ̀ ní àádọ́ta ọdún lójú mi, ara rẹ̀ kéré, ó dé fìlà òjò, ohùn rẹ̀ sì máa ń rọ̀ bíi pé ọmọ kan ń sùn nítòsí. Gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ já gaara. Ẹ̀gbọ́n mi wọ jálàbíà funfun, ó sì da ìborùn sí ọrùn, nítorí òtútù. Mo sọ fún un pé wọ́n fẹ́ mú wa lọ wo òkè. Mi ò sọ ti ojúbọ.

Ọkọ̀ náà gun òkè títí. Igi tó wà níbẹ̀ ga gbọọrọ, ó dúró ṣinṣin, kò sí èyí tó wọ́ nínú wọn, ìrì sì bo gbogbo rẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi ń ka tẹ̀súbà rẹ̀ ní gbogbo kọ́nà. Ó ní òkè tó wà lọ́nà Èsìẹ́ kò tó ọmọ fún èyí. Nígbà tí a sọ̀ kalẹ̀, a bá ẹnu ọ̀nà pupa kan níwájú wa, òpó méjì àti igi tí wọ́n gbé dábùú wọn lórí, kò sí ilẹ̀kùn, kò sí ògiri.

Ẹ̀gbọ́n mi bú sẹ́rìn-ín. "Wọ́n kọ́ géètì, wọ́n gbàgbé ilé."

Amọ̀nà ní ilé ẹ̀mí tó ni òkè náà nìyẹn, ó ní ẹni tó bá ti gba abẹ́ òpó yìí kọjá, ilẹ̀ ẹ̀mí náà ló tẹ̀ sí. Ó tún ní kí a máa rọra rìn, pé òkúta ibẹ̀ ń yọ̀.

"Kí ló wí?" ni ẹ̀gbọ́n mi béèrè.

Mo ní, "Ó ní kí ẹ máa rọra rìn, Alájì. Òkúta ibẹ̀ ń yọ̀."

Ó gbá jálàbíà rẹ̀ mú, ó sì gba abẹ́ òpó náà kọjá. Lójú ẹsẹ̀ ni mo mọ̀ pé ohun tí mo ti ń wá láti ìgbà ikú ìyá mi ti dé ọwọ́ mi, pé wọ́n gbé e fún mi pẹ̀lú ọkọ̀ àti amọ̀nà.

A rìn díẹ̀ sí i, a kan omi. Abẹ́ òrùlé kékeré kan ló wà, nínú ọpọ́n ńlá tí wọ́n fi òkúta gbẹ́. Ọparun ni omi náà ń gbà sun wá, wọ́n sì to ìgbakọ onígi tó ní ọwọ́ gígùn sí etí rẹ̀. Àwọn ìyá àgbà mélòó kan wà níbẹ̀ tí wọ́n fi báàgì kọ́ ọwọ́, wọ́n ń bu omi sí ọwọ́ òsì, wọ́n ń bu sí ọwọ́ ọ̀tún, wọ́n ń yọ ẹnu. Ẹ̀gbọ́n mi dúró sójú kan.

"Àbúrò, kí ni wọ́n ń ṣe yẹn?"

"Wọ́n ń fọ ọwọ́ àti ẹnu kí wọ́n tó lọ gbàdúrà ni."

Òótọ́ ni gbogbo ẹ̀. Ẹ̀gbọ́n mi la ẹnu, ojú rẹ̀ tàn bí ojú ẹni tó rí ará ilé rẹ̀ ní ìdálẹ̀. "Súbúhánàláhì! Mùsùlùmí wà níbí?"

Mi ò sọ pé bẹ́ẹ̀ ni, mi ò sì sọ pé bẹ́ẹ̀ kọ́. Mo ní, "Alájì, ẹ̀yin náà ẹ wò ó."

Ó wo oòrùn, ó ní ìrun Àílà ti tó. Ó bọ́ bàtà, ó bọ́ ìbọ̀sẹ̀, ó ká apá aṣọ rẹ̀ sókè. Ó fọ ọwọ́, ó yọ ẹnu, ó fín omi símú ó sì fún un jáde pẹ̀lú ariwo, ó fọ ojú, ó fọ apá dé ìgúnpá, ó pa orí, ó pa etí. Àwọn ìyá àgbà wọ̀nyẹn kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín músẹ́. Ìgbà tó gbé ẹsẹ̀ ọ̀tún lé etí ọpọ́n òkúta náà, tó sì ń fi ìka ha àárín ọmọ ẹsẹ̀ rẹ̀, ẹ̀rín kúrò lójú wọn. Wọ́n sún sẹ́yìn. Amọ̀nà wa fi ọwọ́ bo ẹnu, ó yí sí mi, etí rẹ̀ ti pọ́n. Ó ní ẹ jọ̀ọ́, omi mímọ́ ni, ẹnikẹ́ni kì í gbé ẹsẹ̀ síbẹ̀, ẹ bá mi sọ fún un.

Mo yíjú sí ẹ̀gbọ́n mi. Mo ní, "Ó ní kí ẹ má gbàgbé ẹsẹ̀ òsì."

"Ṣé òun ni yóò kọ́ mi ni?" Ó sì gbé ẹsẹ̀ òsì lé e.

Lẹ́yìn náà ló ní kí n béèrè ibi tí gábàsì wà. Ní ilé wa, ibi tí oòrùn ti ń yọ ni à ń kọjú sí, ohun tí mo sì bi obìnrin náà nìyẹn, pé níbo ni oòrùn ti ń yọ. Inú rẹ̀ dùn pé a fẹ́ kúrò nídìí omi. Ó na ọwọ́. Ibi tó nawọ́ sí gẹ́lẹ́ ni ilé ẹ̀mí náà wà. Èmi àti ẹ̀gbọ́n mi kò rò ó lọ́jọ́ náà pé ọkọ̀ òfurufú ti gbé wa kọjá Mẹ́kà lọ sí ìhà ibi tí oòrùn ti ń yọ, pé ẹ̀yìn wa ni Mẹ́kà wà. Ìyẹn kì í ṣe iṣẹ́ ọwọ́ mi. Èyí tí mo ṣe ni mò ń sọ.

Wọ́n so okùn koríko kan tó nípọn tó itan àgbàlagbà mọ́ iwájú ilé náà. Ère ẹranko méjì tí wọ́n fi òkúta gbẹ́ jókòó sí ọ̀tún àti òsì, ọ̀kan la ẹnu, ọ̀kan pa ẹnu dé, ewéko ti hù sí wọn lórí. Ẹ̀gbọ́n mi bi mí ohun tí wọ́n wà fún. Mo ní wọ́n ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ni. Ó mi orí, torí àwọn olówó Èkó náà ń gbé ère kìnnìún sí ẹnu géètì wọn nígbà yẹn. Ó bi mí pé ìrun tèmi ńkọ́, mo ní màá pa tèmi pọ̀ mọ́ Àsárì. Ó tẹ́ ìborùn rẹ̀ sí àárín àwọn ẹranko méjèèjì, ó kábàrá láti bẹ̀rẹ̀ ìrun.

Kámẹ́rà rẹ̀ wà lọ́rùn mi. Òun ló rà á, kí n lè máa ya àwòrán páàtì. Mo jẹ́ kó dúró, mo jẹ́ kó tẹ̀, mo sì ní sùúrù títí tó fi forí kanlẹ̀. Òkúta wà lọ́tùn-ún, òkúta wà lósì, okùn òrìṣà wà lókè orí rẹ̀, àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì kọjú sí mi, omi ṣì ń kán lára wọn. Mo yà á. Mo tún un yà. Mo sọ sínú ara mi pé, Ìyá mi, ẹ wò ó. Inú mi dùn débi tí mo fi yà á lẹ́ẹ̀kẹta.

Amọ̀nà bi mí bóyá olùfọkànsìn ni ọkùnrin yìí. Mo ní olùfọkànsìn gidi ni. Ó sì tẹrí ba fún un láti ẹ̀yìn.

Lẹ́yìn ìyẹn ló mú wa lọ wọ ọkọ̀ kan tí wọ́n fi okùn irin gbé kọ́ sí òfurufú, tó ń fà wá láti orí òkè kan lọ sí orí òmíràn. Ẹ̀gbọ́n mi kò fẹ́ wọ̀ ọ́, ṣùgbọ́n ojú ń tì í lójú obìnrin. Nígbà tí a dé àárín méjì, afẹ́fẹ́ mì wá. Mo wo ìsàlẹ̀, mo rí ibi tí ilẹ̀ ti ń rú èéfín funfun, tó ń rùn bí ẹyin tó ti bàjẹ́. Ẹ̀gbọ́n mi dì mí lọ́wọ́ mú, èékánná rẹ̀ wọ̀ mí lára.

"Àbúrò."

"Alájì."

"Bí nǹkan yìí bá já o, má jẹ́ kí wọ́n sin mí láìkírun sí mi lára. Bó bá ku ìwọ nìkan, kí o kírun sí mi lára. Gbà fún mi."

Mo wo ojú rẹ̀. Mo wá a níbẹ̀ bóyá yóò rántí, bóyá nǹkan kan yóò sá kọjá lójú rẹ̀. Kò sí. Kì í ṣe pé ó ń díbọ́n, ó ti gbàgbé pátápátá. Ohun tó ṣe fún ìyá mi kò wúwo lọ́kàn rẹ̀ tó okùn irin yẹn. Mi ò tíì kórìíra ẹ̀dá alààyè rí bí mo ṣe kórìíra rẹ̀ nínú àpótí onígíláàsì náà, tí mo sì di ọwọ́ rẹ̀ mú kí ẹ̀rù má bà á. Mo ní, "Ẹ fọkàn balẹ̀, Alájì. Ẹ máa délé." Mo fẹ́ kó délé ju bí òun fúnra rẹ̀ ṣe fẹ́ ẹ lọ. Kí ni yóò ṣe mí láǹfààní bó bá kú sórí òkè àwọn ará Jàpáàn, níbi tí ẹnikẹ́ni kò ti mọ̀ ọ́n?

Ní orí òkè kejì, amọ̀nà ní òkè ńlá wọn wà níwájú wa, pé kùrukùru ló bò ó. Ẹ̀gbọ́n mi ní wọ́n gbé wa wá láti Òmù-Àrán wá wo kùrukùru. Bó ṣe ń sọ ọ́ lọ́wọ́ ni ó là. Òkè náà yọ lódindi, yìnyín funfun lórí rẹ̀, adágún omi kan nísàlẹ̀ tó tẹ́ pẹrẹsẹ. Mi ò lè parọ́, ó lẹ́wà. Ẹ̀gbọ́n mi ní, "Ọlọ́run tóbi." Ohun kan náà ló wá sí ọkàn tèmi, ó sì dùn mí pé èmi àti òun lè rí nǹkan kan pọ̀ kí a sì ro ohun kan náà.

A padà sílé. Mo gbé fíìmù lọ fún ayafọ́tò kan ní Ìlọrin, mo ní kó fọ ọ̀kan tóbi, tó èyí tí wọ́n ń gbé kọ́ sára ògiri. Mo fi aṣọ wé e, mo sì tọ́jú rẹ̀. Ẹ lè bi mí pé kí ni mo ń dúró dè. Mo fẹ́ kó gùn dé òkè kó tó já bọ́ ni.

Ọdún dídùn wọ̀nyẹn kò pẹ́. Ìjọba yí padà, owó wa rọ, wọ́n fi òfin de kíkó ọjà wọlé, a bẹ̀rẹ̀ sí í tò nítorí ọṣẹ àti ìrẹsì. Ọjà ẹ̀gbọ́n mi wó. Ó ti ṣọ́ọ̀bù Èkó, ó padà sí Òmù-Àrán pẹ̀lú mọ́tò kan tí wọ́n gbé lé bíríkì. Ṣùgbọ́n bí ọjà rẹ̀ ṣe ń lọ sílẹ̀ ni iyì rẹ̀ ń ga ní mọ́sálásí. Kò ní ibòmíràn tó ń lọ mọ́. Òun ló ń ṣí i, òun ló ń tì í. Nígbà tí Bàbá Àdínì àdúgbò wa sì kú, wọ́n ní òun ni àwọn yóò wé láwàní fún.

Ọ̀sẹ̀ ìwéláwàní ni mo gbé àwòrán náà wálé. Àwọn àgbà péjọ sí ọ̀ọ̀dẹ̀ Lèmọ́mù lẹ́yìn ìrun Àílà, kí wọ́n fi ẹnu ọ̀rọ̀ náà jóná. Lèmọ́mù tuntun ni, ó kàwé ní Ìlọrin, kò sí ní ìlú nígbà tí ìyá mi kú. Ẹ̀gbọ́n mi jókòó sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ó tẹrí ba bí ìyàwó tuntun. Wọ́n béèrè bóyá ẹnikẹ́ni ní ọ̀rọ̀. Mo dìde, mo tú aṣọ, mo gbé fọ́tò náà fún ẹni tó sún mọ́ mi jù. Ó lọ láti ọwọ́ dé ọwọ́. Mo dúró de ariwo.

Ariwo dé lóòótọ́. "Àbí Alájì wa kọ́ nìyí?" "Níbo nìyí?" Ẹnì kan ní Jàpáàn ni, ṣé ẹ kò rántí pé ó lọ sí Jàpáàn ni? Bàbá àgbà kan gbé fọ́tò náà sún mọ́ ojú, omi yọ lójú rẹ̀. Ó ní, "Ẹ wo ọmọ yìí. Ní ilẹ̀ kèfèrí, nínú òtútù, kò jẹ́ kí ìrun bọ́ mọ́ òun lọ́wọ́." Gbogbo wọn ń ṣe "Máṣà Álà, Máṣà Álà." Ẹnì kan ní kí a gbé e kọ́ sí ọ̀ọ̀dẹ̀ mọ́sálásí kí àwọn ọmọ kéú lè máa rí i.

Orí mi kú. Mo pariwo. "Ẹ wo òkúta tó wà lọ́tùn-ún rẹ̀! Ẹ wo tòsì! Ojúbọ nibẹ̀ yẹn. Òrìṣà òkè ni wọ́n ń bọ níbẹ̀. Omi òrìṣà ló fi ṣe àlùwàlá, òrìṣà ló sì forí kanlẹ̀ fún!"

Ẹ̀gbọ́n mi gbójú sókè. "Ìwọ lo sọ fún mi pé Mùsùlùmí ni wọ́n."

"Ẹ bi mí ni, Alájì. Ṣé mo dá yín lóhùn?"

Ó wá ìdáhùn mi lọ́kàn rẹ̀, mo rí i tó ń wá a, kò rí i. Lèmọ́mù gba fọ́tò náà, ó wò ó pẹ́, ó sì yíjú sí i.

"Alájì, ta lẹ̀ ń kírun fún lọ́jọ́ náà?"

"Álà ni. Wàláhì, Lèmọ́mù, Álà ni."

"Ẹ mọ̀ pé ojúbọ ni?"

"N kò mọ̀."

Lèmọ́mù gbé fọ́tò lélẹ̀. "Ó tán nìyẹn. Ẹni tó wá gábàsì, tí wọ́n sì ṣì í fi hàn án, ìrun rẹ̀ dúró. Ẹni tó bá sì forí kanlẹ̀ fún Álà, Álà náà ló forí kanlẹ̀ fún, ì báà jẹ́ iwájú òkúta ló wà. Ohun tó wà lọ́kàn ni Ọlọ́run ń gbà."

"Bẹ́ẹ̀ ni, bẹ́ẹ̀ ni," ni gbogbo wọn ń wí. Ẹ̀gbọ́n mi mí kanlẹ̀. Ó tilẹ̀ rẹ́rìn-ín sí mi, ẹ̀rín àánú, bí ẹni pé ó ti dárí jì mí. Gbogbo ọdún tí mo fi tọ́jú àwòrán yẹn ti wọmi. Mo fẹ́ bú sẹ́kún. Àfi bí mo ṣe gbọ́ ohùn ara mi.

"Lèmọ́mù, ẹ jọ̀ọ́, ẹ tún un sọ."

Ó tún un sọ.

"Ṣé ọkùnrin nìkan ni ọ̀rọ̀ náà wà fún ni, àbí ó kan obìnrin?"

"Ó kan gbogbo ẹrú Ọlọ́run."

Mo wá sọ fún un. Mo sọ nípa ìyá mi, ìdájí Èsìẹ́, ọwọ́ rẹ̀ nínú ọwọ́ mi. Mo sọ ohun tí mo gbọ́ lábẹ́ ẹnu rẹ̀ níwájú àwọn ère. Mo ní kì í ṣe òkúta ló ń bá sọ̀rọ̀. Mo ní wọ́n wẹ̀ ẹ́, wọ́n dì í, wọ́n sì dá a padà bí ẹrù láìkírun sí i lára. Àwọn kan lára àwọn àgbà tó wà níbẹ̀ wà lára àwọn tó tú ká lọ́jọ́ náà. Wọ́n ń wo ẹní.

Lèmọ́mù bọ́ awò ojú rẹ̀. "Ta ló ní kí wọ́n má kírun sí i lára?"

Tẹ̀súbà tó wà lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n mi ti dúró. Ó gbé e sórí ẹní.

"Èmi ni."

"Òkú Mùsùlùmí tí wọ́n bá sin láìkírun sí i lára, ẹrù rẹ̀ wà lọ́rùn gbogbo wa," ni Lèmọ́mù wí. "Kò sí láwàní títí a ó fi lọ sí Èsìẹ́."

A lọ lọ́jọ́ kejì Jímọ̀, bọ́ọ̀sì kún. Àwọn ará ilé ìyá mi jáde, wọ́n ń wò wá, wọn kò mọ̀ bóyá ìjà ni. A tò sí iwájú sàréè lábẹ́ igi ìyeyè. Mo fa ẹ̀gbọ́n mi sí ẹ̀gbẹ́ mi, èjìká kan èjìká, mo sì fetí sí ohùn rẹ̀ ní gbogbo ìgbà tí Lèmọ́mù bá kábàrá. Ó wí gbogbo rẹ̀. Mo sunkún bí ọmọdé.

Mo ti rò pé inú mi yóò rọ̀ tí mo bá gbọ́ ọ. Kò rọ̀. Ìrun òkú kò ní ìforíkanlẹ̀. Ìdúró ni ènìyàn ń dúró ṣe é láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ẹ̀gbọ́n mi sì dúró gbọnrangandan bí ọ̀gá tó wá ṣe ojú àánú fún ìdílé ìyá mi. Ṣùgbọ́n mo ti mọ̀ bẹ́ẹ̀ kí a tó kúrò nílé. Mo ti ránṣẹ́ sí àwọn ará ilé ìyá mi pé kí wọ́n gún iyán, kí wọ́n má sì kánjú. Nígbà tí a jẹun tán, Àsárì ti tó. Ẹ̀ẹ̀rùn ni, kànga ilé ti gbẹ. Lèmọ́mù béèrè ibi tí a ti lè rí omi. Mo ní, "Ẹ̀rọ omi wà ní iwájú ilé ère, ilé tí ìjọba kó àwọn ère sí, kò jìnnà. Gbàgede ibẹ̀ fẹ̀, ó sì mọ́."

Ó ní kí a máa lọ.

Ẹ̀gbọ́n mi kò tíì débẹ̀ rí láyé rẹ̀. Ó pọn omi sínú búùtà, ó bẹ̀rẹ̀, ó sì wo ibi tí àwọn kan ti ń tẹ́ ẹní sí. Gábàsì bọ́ sí ilé ère gẹ́lẹ́. Èmi mọ̀ ọ́n láti kékeré, ibẹ̀ ni oòrùn ti máa ń yọ bá èmi àti ìyá mi. Ó yí ojú sí mi, búùtà ń dà sílẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Àbúrò. Ìwọ lo ṣe èyí."

"Èwo nínú rẹ̀, Alájì?"

Ládàánì ti ń pe ìkámọ̀ pé ìrun fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Lèmọ́mù fúnra rẹ̀ ti dúró níwájú, ọ̀rọ̀ tó sọ ní ọ̀ọ̀dẹ̀ rẹ̀ kò sì fi ọ̀nà sílẹ̀ fún ẹnikẹ́ni láti sọ pé ibẹ̀ kò dára. Ẹ̀gbọ́n mi fọ ojú, ó fọ apá, ó fọ ẹsẹ̀ ọ̀tún.

Mo ní, "Ẹ má gbàgbé ẹsẹ̀ òsì."

Ó dúró. Ó wò mí, mo sì rí i tí ọ̀rọ̀ náà yé e, láti Jàpáàn wá. Ó fọ ẹsẹ̀ òsì rẹ̀.

Ìlà tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ni mo dúró sí. Ìgbà tí gbogbo wọn forí kanlẹ̀, mo mọ̀ọ́mọ̀ pẹ́ díẹ̀ kí n tó tẹ̀ lé wọn. Ilẹ̀kùn ilé náà ṣí sílẹ̀, àwọn ère jókòó sínú òkùnkùn, wọ́n ń wo ìta lórí ẹ̀yìn rẹ̀. Àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì kọjú sí mi, omi ń kán lára wọn. Mi ò mú kámẹ́rà dání lọ́jọ́ náà. Mo wò ó tó bí mo ṣe fẹ́, lẹ́yìn náà ni èmi náà forí kanlẹ̀, mo sì dúpẹ́ fún ìyá mi.